Bí àpéjọ Áténì ṣe dìbò pa ara rẹ̀ ní ọdún 411 ṣáájú ìbí Kristi

Òǹkàwé-Òru

Ẹ̀yin ará, mo kí yín o. Ọ̀rọ̀ kan wà tí mo fẹ́ kí a jọ yẹ̀ wò fínnífínní. Bí ẹnikẹ́ni bá ń wádìí orírun ìjọba àwa-ara-wa, ìlú Áténì ayé àtijọ́ ni wọ́n máa ń tọ́ka sí. Ohun tí a kì í sábà gbọ́ ni pé àpéjọ gbogbo ìlú náà, níbi tí ọkùnrin yòówù tó jẹ́ ọmọ onílùú ti lẹ́tọ̀ọ́ láti sọ̀rọ̀ kí ó sì nawọ́ dìbò, ni ó fi ẹnu ara rẹ̀ fọwọ́ sí i ní ọdún 411 pé kí ìjọba náà kásẹ̀ nílẹ̀. (Gbogbo ọdún tí mo bá dárúkọ, ṣáájú ìbí Kristi ni. Ẹ má ṣe jẹ́ kó yà yín lẹ́nu bí wọ́n ṣe ń dín kù bí ìtàn ṣe ń lọ síwájú.)

Ní ọdún 413, ogun tí Áténì kó lọ sí erékùṣù Sísílì run tọkọ̀ tèèyàn, ìwọ̀nba díẹ̀ ló sì padà wálé. Ní ọdún yẹn kan náà, àwọn ará Sparta tí wọ́n jọ ń bára wọn jà wá mọ odi ogun sí Decelea, lórí ilẹ̀ Áténì fúnra rẹ̀, ẹrú tí ó lé ní 20,000 sì sá mọ́ àwọn olúwa wọn lọ́wọ́. Thucydides, ọmọ Áténì tó ti jẹ́ ọ̀gágun rí kí wọ́n tó lé e kúrò nílùú, ni ó kọ iye náà sílẹ̀. Owó ìlú ń tán lọ, àwọn ìlú tó ń san ìṣákọ́lẹ̀ fún wọn sì ń yapa lọ́kọ̀ọ̀kan. Inú ìdààmú yìí ni wọ́n wà nígbà tí Alcibiades, tó ti sá fún ẹjọ́ kúrò nílùú, ránṣẹ́ sí wọn pé òun lè bá wọn rí owó gbà lọ́wọ́ Páṣíà, bí wọ́n bá lè kọ́kọ́ pa irú ìjọba tí wọ́n ń ṣe tì.

Peisander, ọ̀kan nínú àwọn ọlọ̀tẹ̀ tó fẹ́ gba ìjọba, ni ó gbé ọ̀rọ̀ náà dé iwájú àpéjọ. Ariwo sọ. Ẹ wò bí ó ṣe pa ariwo náà: ó ń pe àwọn tó ń ta kò ó síwájú lọ́kọ̀ọ̀kan, ó sì ń bi olúkúlùkù pé, nígbà tí Páṣíà ti ń fún Sparta lówó, tí ọkọ̀ ogun wọn kò sì kéré sí tiwa mọ́, ọ̀nà wo ni ìwọ mọ̀ tí ìlú yìí fi lè là? Kò sí ẹni tó rí ọ̀nà kankan tọ́ka sí. Ó wá sọ fún wọn pé tí ó bá yá, tí nǹkan bá rọ̀, wọ́n lè yí i padà.

Lẹ́yìn náà ni ìpànìyàn bẹ̀rẹ̀. Androcles, tó jẹ́ ọ̀kan nínú àwọn tí ẹnu wọn ń tólẹ̀ láàárín mẹ̀kúnnù, ni àwọn ọ̀dọ́kùnrin kan kọ́kọ́ yọ́ kẹ́lẹ́ pa. Síbẹ̀, àpéjọ ń jókòó, Ìgbìmọ̀ àwọn 500 tí wọ́n ń fi kèké yàn lọ́dọọdún náà ń jókòó. Àwọn ọlọ̀tẹ̀ nìkan ló kàn ń sọ̀rọ̀, wọ́n sì ti jọ yẹ ohun tí wọn yóò sọ wò kí wọ́n tó dé ibẹ̀. Ẹni tó bá ta kò wọ́n, kì í pẹ́ tí wọ́n fi ń bá òkú rẹ̀, ẹnikẹ́ni kì í sì í wá apànìyàn náà. Ohun tó burú jù ni pé àwọn ènìyàn kò mọ iye àwọn ọlọ̀tẹ̀ náà. Wọ́n rò pé wọ́n pọ̀ ju bí wọ́n ṣe pọ̀ lọ, torí ìlú tóbi, olúkúlùkù kò sì lè fi ẹ̀dùn ọkàn rẹ̀ han aládùúgbò rẹ̀: yálà kò mọ̀ ọ́n dáadáa, tàbí ó mọ̀ ọ́n ṣùgbọ́n kò lè fi ọkàn tán an.

Nígbà tí wọ́n pe àpéjọ tó parí ọ̀rọ̀ náà, ẹ̀yìn odi ni wọ́n pè é sí, ní Colonus, dípò orí òkè Pnyx tí wọ́n ti ń jókòó tẹ́lẹ̀. Kò sí ẹni tó ta kò ó. Ní ọjọ́ tí àwọn 400 tó gba ìjọba lọ lé Ìgbìmọ̀ kúrò, olúkúlùkù wọn fi ọ̀bẹ pamọ́ sára, 120 ọ̀dọ́kùnrin sì tẹ̀ lé wọn. Wọ́n ní kí àwọn ìgbìmọ̀ gba owó iṣẹ́ wọn kí wọ́n sì máa lọ. Wọ́n ti mú owó gbogbo ọjọ́ tó kù nínú sáà náà wá, wọ́n sì ń kà á lé wọn lọ́wọ́ bí wọ́n ṣe ń jáde. Wọ́n gbà á. Wọ́n lọ sílé láìsọ nǹkan kan.

Ìbéèrè mi ni pé, kí ni ó fọ́ gan-an lọ́jọ́ náà? Òfin wà, ìgbìmọ̀ wà, ìbò wà.

Agbẹjọ́rò-Kékeré

Ẹ ṣeun púpọ̀, Òǹkàwé-Òru. Ohun kan wà tí ẹ fò nípa ìpàdé Colonus, èmi tí mo sì ń jẹun nídìí òfin kò lè jẹ́ kó kọjá bẹ́ẹ̀. Àbá àkọ́kọ́ tí wọ́n gbé kalẹ̀ lọ́jọ́ náà kò mẹ́nu kan ìparẹ́ ìjọba rárá. Ohun tó sọ ni pé ọmọ Áténì yòówù lè dá àbá tó bá wù ú láìsí ìjìyà, àti pé ẹni tó bá pè é lẹ́jọ́ nítorí àbá rẹ̀ ni yóò rí ìjà òfin.

Ẹni tí kò mọ bí nǹkan ṣe ń lọ nílùú náà lè rò pé wọ́n kàn fi òmìnira kún òmìnira ni. Ṣáájú ọjọ́ yẹn, bí ẹnikẹ́ni bá dá àbá tó lòdì sí òfin níwájú àpéjọ, ọmọ ìlú mìíràn lè dìde kí ó búra pé òun yóò pè é lẹ́jọ́, àbá náà yóò sì dúró títí ilé ẹjọ́ yóò fi gbọ́ ọ. Àwọn tó ń dájọ́ níbẹ̀ kì í ṣe àwọn olóyè. Ọgọ́rọ̀ọ̀rún ará ìlú tí kèké mú ni wọ́n. Bí ẹ̀bi bá já lé ẹni tó mú àbá wá lórí, owó ìtanràn rẹ̀ lè sọ ọ́ di aláìní. Ọ̀nà yìí ni àpéjọ fi máa ń rí àyè tún èrò ara rẹ̀ pa, kí ohun tí a fi ìbínú dìbò fún ní àárọ̀ má baà di òfin ní ọ̀sán.

Nígbà tí wọ́n ti yọ èyí kúrò, ìyókù kò nira mọ́. Wọ́n fòpin sí owó tí ìlú ń san fún àwọn tó di ipò mú, àfi ipò bíi mélòó kan, èyí tó túmọ̀ sí pé aláìní kò ní lè fi iṣẹ́ òòjọ́ rẹ̀ sílẹ̀ wá ṣe ìjọba mọ́. Wọ́n yan ènìyàn márùn-ún. Àwọn márùn-ún yan 100. Olúkúlùkù nínú 100 yan mẹ́ta mọ́ra, 400 sì pé. Wọ́n ní 5,000 ọkùnrin tó lówó tí ara wọn sì le ni yóò máa ní ẹ̀tọ́ ìlú, àwọn 400 ni yóò sì máa pè wọ́n jọ nígbà tó bá wù wọ́n.

Ẹ jẹ́ mọ̀ pé wọn kò gbé orúkọ àwọn 5,000 náà jáde títí wọ́n fi lọ. Thucydides sọ ìdí rẹ̀: wọn kò fẹ́ kí àwọn 5,000 wà ní tòótọ́, torí pé bí ènìyàn bá ti pọ̀ tó bẹ́ẹ̀ nínú ìjọba, díẹ̀ ló kù kó di ti gbogbo ìlú, wọn kò sì fẹ́ kó hàn pé kò sí wọn, kí olúkúlùkù lè máa bẹ̀rù pé ẹni tí òun ń bá sọ̀rọ̀ lè wà lára wọn.

Ìyá-Ìbejì

Ẹ̀yin méjèèjì, mo dúpẹ́. Ṣùgbọ́n àwọn wo ló wà ní Colonus? Ẹ ń sọ pé “gbogbo ìlú”, bẹ́ẹ̀ obìnrin kò lẹ́tọ̀ọ́ láti dìbò, ẹrú kò lẹ́tọ̀ọ́, àlejò tí wọ́n bí síbẹ̀ tó sì dàgbà síbẹ̀ náà kò lẹ́tọ̀ọ́. Ìyẹn ti yọ ọ̀pọ̀ kúrò. Nínú àwọn tó wá kù, èmi fẹ́ mọ ibi tí àwọn mẹ̀kúnnù wà lọ́jọ́ tí wọ́n ń dìbò pé kí owó mẹ̀kúnnù dúró.

Òǹkàwé-Òru

Ìbéèrè yín gún régé, Mà. Ọ̀pọ̀ wọn wà lórí omi. Àwọn aláìní ìlú ló ń tu ọkọ̀ ogun, ọwọ́ àwọn ọkọ̀ náà ní erékùṣù Samos sì dí pẹ̀lú ogun lọ́dún náà, ní òdìkejì òkun. Bákan náà, níwọ̀n ìgbà tí ọ̀tá wà ní Decelea, àwọn òpìtàn kan rò pé kì í ṣe gbogbo ènìyàn ni yóò fẹ́ jáde sẹ́yìn odi láìní ohun ìjà. Mo rí ọgbọ́n nínú èrò yẹn. Àwọn tó dìbò jẹ́ àpéjọ lórúkọ lóòótọ́, ṣùgbọ́n ìdajì tí ọ̀rọ̀ náà kàn jù lọ kò sí níbẹ̀.

Ibi tí ọ̀rọ̀ wá ti dùn nìyí. Nígbà tí ìròyìn dé Samos, ẹni tó mú un wá, Chaereas, fi iyọ̀ sí i: ó ní wọ́n ń na àwọn ará ìlú ní pàṣán, wọ́n sì ń fojú sí ìyàwó àti ọmọ àwọn atukọ̀ lára. Apá tó pọ̀ nínú rẹ̀ kì í ṣe òótọ́. Àwọn atukọ̀ àti ọmọ ogun pé jọ sórí iyanrìn Samos, wọ́n yọ àwọn ọ̀gágun tí wọn kò fọkàn tán, wọ́n fi ìbò yan àwọn mìíràn, Thrasybulus wà lára wọn, wọ́n sì sọ fún ara wọn pé ìlú ló ya kúrò lọ́dọ̀ àwọn, pé ọ̀dọ̀ àwọn ni Áténì wà báyìí. Àpéjọ tó pa ara rẹ̀ nílé ń bá iṣẹ́ rẹ̀ lọ ní erékùṣù.

Àwọn 400 kò lò ju nǹkan bí oṣù mẹ́rin lọ. Wọ́n bá ara wọn jà. Àwọn ọmọ ogun tí wọ́n ní kí wọ́n mọ odi sí Eetioneia, lẹ́nu ọ̀nà èbúté Piraeus, fọwọ́ ara wọn wó o nígbà tí wọ́n fura pé torí àtigba àwọn ará Sparta wọlé ni wọ́n ṣe ń mọ ọ́n. Nígbà tí erékùṣù Euboea tí oúnjẹ wọn ti ń wá bọ́ mọ́ wọn lọ́wọ́, ó parí. Ní ọdún 410, ìjọba àwa-ara-wa ti padà bọ̀ sípò.

Bàbá Kọ́lẹ́ẹ̀jì

Ẹ̀yin ọmọ mi, ẹ kú iṣẹ́ ọpọlọ. Mo kọ́ àwọn ọmọ ní ìtàn títí mo fi fẹ̀yìntì, mo sì fẹ́ kí ẹ wò ó láti ìhà kejì. Ẹ ń sọ̀rọ̀ bí ẹni pé ohun rere kan wà tí àwọn ènìyàn búburú wá fọ́. Ta ló rán wọn lọ sí Sísílì? Àpéjọ náà ni. Ní ọdún 415, Nicias, tó wà lára àwọn tí wọ́n yàn láti ṣáájú ogun náà, gbìyànjú láti dẹ́rù bà wọ́n nípa sísọ bí ọmọ ogun àti owó tí yóò ná wọn yóò ti pọ̀ tó. Ńṣe ni ìtara wọn lé kún. Wọ́n ní gbogbo ohun tó béèrè ni kó mú. Àwọn tí kò fara mọ́ ọn dákẹ́, torí wọ́n ń bẹ̀rù pé bí àwọn kò bá nawọ́, wọn yóò pe àwọn ní ọ̀dàlẹ̀. Kò sí ọ̀bẹ lábẹ́ aṣọ ẹnikẹ́ni lọ́jọ́ yẹn o. Ìdákẹ́jẹ́ẹ́ tí Òǹkàwé-Òru ń kédàárò rẹ̀ ní 411 ti wà nínú àpéjọ ní ọdún mẹ́rin ṣáájú.

Ẹ tún wo ọdún 406. Ọkọ̀ Áténì ṣẹ́gun Sparta ní Arginusae, ṣùgbọ́n ìjì dé, wọn kò sì lè kó àwọn tó ń rì sómi yọ, bẹ́ẹ̀ ọkọ̀ 25 ló bá ogun náà lọ. Àwọn ọ̀gágun mẹ́jọ ló ṣáájú ogun náà. Méjì kọ̀ láti padà wálé, àpéjọ sì dájọ́ ikú fún gbogbo wọn lápapọ̀, pẹ̀lú ìbò kan ṣoṣo, láìgbọ́ ẹjọ́ wọn lọ́kọ̀ọ̀kan. Mẹ́fà kú. Ọmọ Pericles, olórí Áténì tó lókìkí jù lọ láyé ọjọ́un, wà nínú wọn. Ìṣẹ́gun ni wọ́n ṣẹ́! Lẹ́yìn ọdún kan péré, wọ́n pàdánù fẹ́rẹ̀ẹ́ gbogbo ọkọ̀ wọn ní Aegospotami. Ìjọba tó ń pa àwọn tó ń ṣẹ́gun fún un, ṣé ó nílò ọlọ̀tẹ̀ mọ́?

Ìyá-Ìbejì

Bàbá, ẹ kú ọjọ́ mẹ́ta. Ọ̀rọ̀ yín wúwo, mi ò sì ní fi ojú kékeré wò ó. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí n parí ìtàn Arginusae bí mo ṣe mọ̀ ọ́n. Euryptolemus dìde lọ́jọ́ náà, ó sì gbé ohun tí Agbẹjọ́rò-Kékeré sọ lókè yìí dìde: ó ní àbá Callixeinus, ẹni tó ní kí wọ́n fi ìbò kan dá gbogbo ọ̀gágun náà lẹ́jọ́ pọ̀, lòdì sí òfin, òun yóò pè é lẹ́jọ́. Àwọn kan nínú àpéjọ pàtẹ́wọ́ fún un. Àwọn tó pọ̀ jù wọ́n lọ pariwo pé nǹkan ìbànújẹ́ gbáà ni bí ẹnikẹ́ni kò bá ní jẹ́ kí àwọn ará ìlú ṣe ohun tó wù wọ́n. Ẹnì kan wá dá àbá pé kí wọ́n fi ìbò kan náà dá Euryptolemus àti àwọn tó tì í lẹ́yìn lẹ́jọ́ pọ̀ mọ́ àwọn ọ̀gágun, ó sì di dandan fún un láti fà á sẹ́yìn. Nínú àwọn tí kèké mú láti darí ìpàdé lọ́jọ́ náà, ẹ̀rù ba àwọn kan, wọ́n gbà. Socrates, onímọ̀ ọgbọ́n orí, nìkan ló kọ̀ jálẹ̀.

Nítorí náà, mo gbà pẹ̀lú yín pé ohun tí àwọn ọlọ̀tẹ̀ fi ọgbọ́n yọ ní 411, àpéjọ fi ariwo yọ ọ́ ní 406. Ibi tí ọ̀nà wa ti yà ni pé ẹ ń tọ́ka sí i láti fi hàn pé ènìyàn púpọ̀ kò lè ṣe ìjọba. Kò pẹ́ tí wọ́n fi kábàámọ̀, tí wọ́n sì ní kí wọ́n mú àwọn tó tàn wọ́n jẹ. Callixeinus sá, nígbà tó sì padà wálé, gbogbo ènìyàn kórìíra rẹ̀ títí ebi fi pa á kú. Mi ò sọ pé ìyẹn jí àwọn ọ̀gágun dìde. Àwọn ọlọ́gbọ́n díẹ̀ tó lówó tó sì kàwé, tí ọ̀pọ̀ rò pé yóò ṣe é dára jù, wọ́n rí àyè ṣe tiwọn ní 404. Ẹ jẹ́ kí a sọ̀rọ̀ nípa ìyẹn náà.

Sùúrù-Lérè

Kí ẹ tó débẹ̀, ẹ má gbàgbé pé ìbò náà ló gbé àwọn ọkùnrin 30 tó gba ìjọba ní 404 yẹn wọlé. Áténì ti túúbá fún Sparta, wọ́n ti ń wó odi gígùn tó so ìlú pọ̀ mọ́ èbúté pẹ̀lú orin fèrè. Lysander, ọ̀gágun Sparta, wà níbi àpéjọ tí Dracontides ti dá àbá pé kí wọ́n yan 30 ọkùnrin láti kọ òfin tuntun. Àwọn kan fọwọ́ sí i, àwọn kan rọra jáde kí ìtìjú má baà jẹ́ tiwọn.

Ọmọ-Òkè-Òkun

Ẹ jẹ́ kí èmi mú ti àwọn 30 náà wá, torí pé ìlú tí kì í ṣe ti bàbá mi ni mò ń gbé, ìtàn àwọn àlejò Áténì sì máa ń wọ̀ mí lára. Àwọn àlejò wọ̀nyí ń san owó orí, wọ́n ń jagun fún ìlú, wọ́n ń ṣòwò, ṣùgbọ́n wọn kò ní ìbò. Nígbà tí àwọn 30 bẹ̀rẹ̀ sí í wá owó, wọ́n gbà láàárín ara wọn pé kí olúkúlùkù wọn mú àlejò olówó kan, kí wọ́n pa á, kí wọ́n sì kó ohun ìní rẹ̀.

Lysias, tó wá di ẹni tí ń kọ ọ̀rọ̀ ẹjọ́ fún àwọn ènìyàn, wà lára àwọn tí wọ́n dìde sí. Ilé iṣẹ́ tí wọ́n ti ń ṣe apata ni òun àti Polemarchus, ẹ̀gbọ́n rẹ̀, ní. Òun rí ọ̀nà sá, wọ́n mú ẹ̀gbọ́n rẹ̀ lójú pópó, wọ́n sì ní kó mu májèlé láì sọ ohun tó ṣe. Wọ́n kó 700 apata àti 120 ẹrú lọ, pẹ̀lú fàdákà àti wúrà tí wọn kò lálàá rẹ̀ rí. Pẹ̀lú gbogbo ìyẹn, nígbà tí Melobius wọlé, yẹtí wúrà tó wà létí ìyàwó Polemarchus ló kọ́kọ́ yọ kúrò létí obìnrin náà. Ìdílé tó ní aṣọ púpọ̀ nílé ni wọ́n o, síbẹ̀ nígbà tí wọ́n fẹ́ sin òkú, àwọn 30 kò jẹ́ kí wọ́n rí aṣọ mú nínú ohun ìní wọn. Àwọn ọ̀rẹ́ ló mú aṣọ wá, ẹlòmíràn mú ìrọ̀rí wá.

Critias, ẹni tí ó lágbára jù nínú wọn, kàwé dé góńgó. Wọ́n kọ orúkọ 3,000 sílẹ̀ pé àwọn nìkan ni a kò lè pa láìgbẹ́jọ́, wọ́n sì gba ohun ìjà lọ́wọ́ gbogbo àwọn yòókù. Nígbà tí Theramenes tó wà lára àwọn 30 gan-an yarí, Critias kàn pa orúkọ rẹ̀ rẹ́ kúrò nínú ìwé, wọ́n wọ́ ọ kúrò nídìí pẹpẹ, ó sì mu májèlé. Wọ́n ní ó da gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀ tó kù nínú ife náà sílẹ̀, ó ní ti Critias òun arẹwà nìyẹn. Aristotle ka àwọn tí wọ́n pa sí ẹni tí kò dín ní 1,500, láàárín oṣù díẹ̀. Bàbá Kọ́lẹ́ẹ̀jì, ẹ jọ̀ọ́, Sà, ẹ fi iye yẹn sí ẹ̀gbẹ́ àwọn ọ̀gágun mẹ́fà.

Bàbá Kọ́lẹ́ẹ̀jì

Mo ti fi sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀, ọmọ mi, mi ò sì gbè sẹ́yìn Critias. Ohun tí mò ń sọ ni pé Critias kò bọ́ láti ojú ọ̀run. Ìlú tó ti fi Sísílì àti Aegospotami ná ara rẹ̀ tán ni ó ṣí ilẹ̀kùn fún un.

Agbẹjọ́rò-Kékeré

Nínú gbogbo ìtàn yìí, ohun tó ṣẹlẹ̀ lẹ́yìn ìgbà náà ni èmi rò pé ó yẹ kí a fi ọ̀pọ̀ àkókò wò. Thrasybulus, ẹni ti Samos yẹn, kó nǹkan bí 70 ènìyàn lọ gba odi Phyle lórí òkè. Yìnyín ló lé àwọn 30 padà nígbà tí wọ́n wá gbógun tì wọ́n. Nígbà tí wọ́n fi dé Piraeus, wọ́n ti di ọ̀pọ̀, àlejò àti ẹrú wà láàárín wọn, wọ́n sì pa Critias lójú ìjà. Ní ọdún 403, Pausanias, ọba Sparta, bá wọn parí ìjà.

Wọ́n búra pé ẹnikẹ́ni kò ní fa ohun tó ti kọjá yọ láti fi gbẹ̀san, yàtọ̀ sí ti àwọn 30 àti àwọn ìwọ̀nba tó ṣe iṣẹ́ ibi pẹ̀lú wọn. Àwọn yìí náà, bí wọ́n bá gbà láti wá jíhìn iṣẹ́ wọn, ìbúra náà bò wọ́n. Ẹni tó bá fẹ́ kó lọ sí Eleusis, ìlú kan nítòsí Áténì, láti máa dá gbé níbẹ̀ lè kó lọ. Àwọn 30 ti yá 100 tálẹ́ǹtì lọ́wọ́ Sparta láti fi bá àwọn ará ilé wọn jà, ìwé àdéhùn sì sọ pé ìhà kọ̀ọ̀kan ni yóò san gbèsè tirẹ̀. Àpéjọ dìbò pé gbogbo ìlú ni yóò jọ san án. Ẹni tí wọ́n pa bàbá rẹ̀ san nínú owó tí wọ́n fi pa bàbá rẹ̀.

Mi ò fẹ́ kí ẹnikẹ́ni rò pé gbogbo rẹ̀ dùn. Nígbà tí ẹnì kan bẹ̀rẹ̀ sí í fa ọ̀rọ̀ àná yọ, Archinus, olóṣèlú Áténì kan, mú un lọ síwájú Ìgbìmọ̀, ó sì rọ̀ wọ́n kí wọ́n pa á láìgbẹ́jọ́, kí ó lè jẹ́ ẹ̀kọ́ fún àwọn mìíràn. Wọ́n pa á. Ìdáríjì tí wọ́n fi ẹ̀jẹ̀ ènìyàn tẹ̀ ní òǹtẹ̀ nìyẹn, láìbá òfin mu. Archinus yìí kan náà ló tún lo ẹ̀sùn àbá tó lòdì sí òfin láti dá Thrasybulus dúró nígbà tó fẹ́ kí gbogbo àwọn tó bá a bọ̀ láti Piraeus di ọmọ onílùú, nígbà tí ẹrú wà lára wọn. Ọ̀nà òfin tí mo ń yìn láti òwúrọ̀ náà ni wọ́n fi ti ilẹ̀kùn mọ́ àwọn tó jà fún ìlú. Lysias wà lára àwọn tó jẹ níyà.

Ìyá-Ìbejì

Ìyẹn gan-an ni mo ń sọ láti ìbẹ̀rẹ̀ nípa “gbogbo ìlú”.

Bàbá Kọ́lẹ́ẹ̀jì

Ti gbèsè yẹn wú mi lórí, mo sọ ọ́ tọkàntọkàn. Àmọ́ ẹ tún rántí ọdún 399. Anytus, tó wà lára àwọn tó ti Phyle bọ̀, ló wà nídìí ẹjọ́ tí wọ́n fi pa Socrates. Ìbúra kò jẹ́ kí wọ́n lè fi ẹ̀sùn kàn án pé Critias àti Alcibiades ti jókòó lẹ́sẹ̀ rẹ̀ rí, nítorí náà, ọ̀rọ̀ àwọn òrìṣà àti ìbàjẹ́ àwọn ọ̀dọ́ ni wọ́n fi pè é lẹ́jọ́. Ta ni kò mọ ohun tó wà lọ́kàn wọn? Ọkùnrin tó dá dúró lòdì sí àpéjọ ní 406, tó sì kọ̀ nígbà tí àwọn 30 ní kó lọ mú Leon ará Salamis wá kí wọ́n lè pa á, òun ni wọ́n pa.

Òǹkàwé-Òru

Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ gbogbo yín. Bàbá, mi ò lè gba Socrates sílẹ̀ lọ́wọ́ yín, ẹjọ́ náà burú bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n mo fẹ́ kí a ka ọdún. Láti ìgbà tí Cleisthenes ti pín ìlú sí ẹ̀yà mẹ́wàá ní 508 tàbí 507, títí di 322, ó tó nǹkan bí ọdún 185. Nínú gbogbo rẹ̀, ẹ̀ẹ̀mejì péré ni àwọn ará ilé gba ìjọba náà, méjèèjì pọ̀ kò sì ju ọdún kan àti díẹ̀ lọ. Ogun tí wọ́n pàdánù ló ṣáájú ọ̀kọ̀ọ̀kan. Mo ti ń bi ara mi nípa ohun tó fọ́ ní 411. Bí mo ṣe ń kà yín, ìgbàgbọ́ pé ẹni tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi yóò dìde bí mo bá dìde ni mo rò pé ó lọ. Àwọn atukọ̀ Samos ní in torí pé wọ́n jọ wà lórí ìjókòó kan náà, wọ́n sì mọ ara wọn. Ní ìlú, kò sí ẹni tó mọ ẹni tó wà nínú ìwé àwọn 5,000.

Ó jọ pé àwọn náà rí i bẹ́ẹ̀. Nígbà tí ìjọba padà ní 410, wọ́n ní kí gbogbo ọmọ Áténì búra, ní ẹ̀yà-ẹ̀yà àti àdúgbò-àdúgbò, pé ẹni tó bá fẹ́ gba ìjọba náà, òun yóò pa á, bí òun bá lè ṣe é. Ìbúra ojú gbangba ni, olúkúlùkù ń gbọ́ ti ẹnìkejì rẹ̀. Lẹ́yìn ọdún 403, wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í san owó fún ẹni tó bá wá sí àpéjọ, kí aláìní lè máa wà níbẹ̀ lọ́jọ́ tí ọ̀rọ̀ bá kàn án. Ní 336, lẹ́yìn tí Philip ará Makedóníà ti ṣẹ́gun wọn, wọ́n gbẹ́ òfin mìíràn sára òkúta, èyí tí wọ́n hú jáde ní ọjà àtijọ́ Áténì ní ọdún 1952 ti àsìkò tiwa. Ó sọ pé bí ẹnikẹ́ni bá gba ìjọba, kí ìgbìmọ̀ àgbà ti Areopagus má ṣe gòkè lọ jókòó mọ́, kí wọ́n má ṣe dá ẹjọ́ kankan.

Òfin yẹn kò ràn wọ́n lọ́wọ́ ní 322. Antipater ará Makedóníà ṣẹ́gun wọn, ó fi ọmọ ogun sí Munychia, òkè tó wà ní Piraeus, ó sì ní ẹni tí ohun ìní rẹ̀ kò bá tó 2,000 dírákímà kò ní ìbò mọ́. Àpéjọ ń jókòó lọ, ilé ẹjọ́ ń jókòó lọ. Wọ́n ní kí àwọn tí wọ́n yọ kúrò, tó bá fẹ́, lọ gba ilẹ̀ ní Thrace, àwọn kan sì kó ẹrù wọn lọ. Wọ́n gbìyànjú láti dá a padà ní 318, kò sì pẹ́. Ní 307, Demetrius, ọ̀gágun Makedóníà tó di ọba kò pẹ́ lẹ́yìn náà, tún dá a padà fún wọn, ṣùgbọ́n ọba ló fi fún wọn lọ́tẹ̀ yìí, ọba náà ló sì lè gbà á.